Mi Ò Dé Ṣóńṣó Kilimanjaro, Mo Wá Dúpẹ́

Ẹ bá mi yin Olúwa! Ẹ tún un yìn lẹ́ẹ̀kan sí i, torí ẹni tó ń bá yín sọ̀rọ̀ yìí, òkú ni kì bá jẹ́. Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ nínú yín ti rí fọ́tò tí àwọn ẹgbẹ́ mi yà nídìí pátákó tó wà lókè téńté, ẹ sì ń wá ojú mi níbẹ̀. Ẹ má wá mi mọ́. N kò sí níbẹ̀. Ohun tí mo tìtorí ẹ̀ jáde wá dúpẹ́ gan-an nìyẹn.

Kilimanjaro ni mo ń sọ, ní ilẹ̀ Tanzania, òkè tó ga jù ní gbogbo Áfíríkà, mítà 5,895. Ní tiwa, ẹní àti kẹ́ẹ̀gì omi lèèyàn ń gbé lọ sórí òkè, a ó gbààwẹ̀, a ó ṣe àìsùn, ilẹ̀ mọ́, a sọ̀ kalẹ̀. Tibẹ̀ yẹn kì í ṣe bẹ́ẹ̀ o. Òkè oníná ni, iná ọ̀hún ló kàn sùn. Orí mẹ́ta ló ní, Shira, Mawenzi àti Kibo. Kibo ló ga jù, yìnyín sì wà lórí rẹ̀, bẹ́ẹ̀ kò jìnnà sí ìlà agbedeméjì ayé rárá. Nígbà tí míṣọ́nnárì ará Jámánì kan, Johannes Rebmann, rí yìnyín náà ní 1848 tó sì kọ̀wé nípa rẹ̀, àwọn ọ̀mọ̀wé kan ní Lọ́ńdọ̀nù ní irọ́ ni. Ìtàn tí òun náà gbọ́ lẹ́nu àwọn ará ibẹ̀ ni pé àwọn kan ti gòkè lọ rí, òtútù sì ba ọwọ́ àti ẹsẹ̀ wọn jẹ́, wọ́n ní ẹ̀mí àìrí ló ṣe é.

Ohun tó bá èmi jà níbẹ̀, kò rí bí iwin. Afẹ́fẹ́ ni. Lókè pátápátá, èyí tí èèyàn ń rí mí kò ju bí ìdajì tẹ̀gbẹ́ òkun lọ.

Ọ̀nà Marangu la gbà. Gbogbo ọ̀nà ni àwọn afinimọ̀nà ń pariwo "pole pole" sí wa létí, ìyẹn pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ní èdè Swahili, a sì ń rọra. A sùn ní Mandara, a sùn ní Horombo, ara mi le koko. Àfi ìgbà tí a dé ilé olókùúta tó wà nísàlẹ̀ orí Kibo, níbi tó ga tó mítà 4,700. Omi kò sí níbẹ̀, orí ni wọ́n fi ń ru gbogbo èyí tí a óò mu láti ìsàlẹ̀. Òru ọjọ́ náà ló yẹ ká gbéra lọ sí ṣóńṣó. Kó tó di ìrọ̀lẹ́, orí ń fọ́ mi, ikọ́ dé, mo jókòó jẹ́ẹ́, mo sì ń mí hẹlẹhẹlẹ.

Ọ̀gá àwọn afinimọ̀nà fi ẹ̀rọ kékeré kan tó ń wo bí afẹ́fẹ́ ṣe pọ̀ tó nínú ẹ̀jẹ̀ há mi níka, 58 nínú ọgọ́rùn-ún ló kà. Kò sọ̀rọ̀. Ó fi ẹsẹ̀ fa ìlà sórí erùpẹ̀, ó ní, "Mama, máa gbé gìgísẹ̀ kan síwájú ọmọ ìka ẹsẹ̀ kejì, kó o tọ ìlà yìí." Ìlà tí ọmọ ọdún mẹ́ta yóò tọ̀! Mo ta gìrọ́gìrọ́, òun ló gbá mi mú. Ó gbé etí lé mi lẹ́yìn, àyà mi ń hó bí ìkòkò ògì. Mo wúkọ́ sínú áńkáṣíìfù: itọ́ náà pọ́n díẹ̀, ìfòófó wà lórí rẹ̀.

Àwọn ẹgbẹ́ mi ti di ọwọ́ mú, wọ́n ń de ẹ̀mí àìlera mọ́lẹ̀. Ẹ̀gbọ́n wa kan ní a ò wá láti Ìbàdàn ká tó máa padà lẹ́nu ọ̀nà, pé lórúkọ Jésù mo máa dé òkè. Afinimọ̀nà yìí, Mùsùlùmí ni o, ó dúró kí wọ́n ṣe àmín tán. Ó wá ní, "Ẹ máa gbàdúrà lọ, kò burú, ṣùgbọ́n ìsàlẹ̀ ni Mama ń lọ."

Wọ́n dè mí mọ́ bẹ́ẹ̀dì irin kan tó ní táyà kan ṣoṣo lábẹ́, àwọn ọ̀dọ́mọkùnrin dì í mú níwájú àti lẹ́yìn, wọ́n so iná mọ́ orí, ó di Horombo. Atẹ́gùn òru yẹn, ẹ má dán an wò! Ọ̀kan nínú wọn rí i pé ọwọ́ mi ń gbọ̀n, ó bọ́ ìbọ̀wọ́ tirẹ̀ wọ̀ mí. Òun ló ń bá agbọ́únjẹ wọn gé nǹkan, òórùn àlùbọ́sà ń bẹ lára ìbọ̀wọ́ náà. Òórùn yẹn ni mo ń fà símú lọ títí ilẹ̀ fi fẹ́ mọ́. Nígbà tí a dé Horombo, ẹ̀rọ ka 82, èmi fúnra mi ni mo béèrè tíì. Ní ọsibítù ní Moshi, ìlú tó wà nísàlẹ̀ òkè náà, dókítà ní omi ló ti ń kún ẹ̀dọ̀fóró mi, pé ká ní mo gòkè sí i ni, ọ̀rọ̀ ì bá ti yàtọ̀.

Àwọn kan ti wá kí mi nílé, wọ́n ní ọ̀tá ló dá mi dúró, àti pé ó ku díẹ̀ kí n dé. Ẹ ṣeun, ṣùgbọ́n n kò bá yín ṣe àmín sí ìyẹn. Ẹni tó dá mi dúró, Ọlọ́run ló rán an. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, mo dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn tó gbé mi, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ ọmọ mi obìnrin tó fi dandan lé e pé kí n ra ìnṣọ́ránsì.

Mo ti san ẹ̀jẹ́ mi ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ó ku tàwọn aláàárù orí òkè náà. Ẹrù tó tó 20 kílò ni òfin gbà kí ẹnì kọ̀ọ̀kan wọn rù, bàtà àwọn mìíràn nínú wọn sì ti ya lẹ́nu. Ẹ̀yin ọmọ wa tẹ́ ẹ wà ní Lọ́ńdọ̀nù àti Kánádà, ìbọ̀wọ́ òtútù, bàtà líle àti jákẹ́ẹ̀tì tẹ́ ò wọ̀ mọ́, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kó wọn jọ fún mi. Ẹgbẹ́ wa ṣì ń padà lọ. Èmi ò ní gòkè o, Moshi ni n ó dúró sí, n ó pín wọn fún wọn lọ́wọ́ ara mi. Halelúyà!