Rákì bàtà onírin tí mo fọwọ́ ara mi jó ní Kubwa

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ọ̀rọ̀ bàtà ni mo gbé wá lónìí.

Lọ́jọ́ Mọ́ńdè kan báyìí, ọyẹ́ ṣì ń fẹ́ dáadáa nígbà yẹn, Táyé wọ bàtà ara ẹ̀ ẹsẹ̀ kan, ó wọ ti Kẹ́hìndé ẹsẹ̀ kan lọ sílé ìwé. Dúdú ni méjèèjì lóòótọ́, àmọ́ ọ̀kan jẹ́ nọ́ńbà 33, ìkejì jẹ́ 34, ọmọ yẹn sì rìn báyẹn títí tó fi délé ní aago méjì ọ̀sán. Ìgbà tí mo bọ́ bàtà yẹn lẹ́sẹ̀ ẹ̀ tí mo rí bó ṣe họ ọ́ ní gìgísẹ̀ ni mo jókòó sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà wa, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í wo òkìtì bàtà tó wà níbẹ̀. Àwa mẹ́fà la wà nílé, èmi, bàbá wọn, Ìbejì, Ìdòwú, àti màmá ọkọ mi. Mo ka bàtà yẹn, ó lé ní ogún, eruku pupa sì ti bo gbogbo ẹ̀ débi pé o ò lè mọ èyí tó jẹ́ dúdú nínú wọn mọ́, ẹni tó bá ti gbé Kubwa l'Ábújá níbí nígbà ọyẹ́ máa mọ ohun tí mò ń sọ.

Kì í ṣe pé a ò ní rákì rí o. Onígi la kọ́kọ́ ní, ikán ti jẹ ẹ́ tán láti ìdí àmọ́ ó dúró bí ẹni pé nǹkan kan ò ṣe é, ọjọ́ tí mo gbé e kí n lè gbálẹ̀ abẹ́ ẹ̀, ẹsẹ̀ méjì dúró sílẹ̀, ìyókù wà lọ́wọ́ mi. A wá lọ ra onírin lẹ́bàá títì, mi ò ní sọ ọ̀dọ̀ ẹni tá a ti rà á. Ó ń dán, ọ̀dà ẹ̀ dúdú mirinmirin, kò sì tíì pé oṣù méjì tó fi bẹ̀rẹ̀ sí í mì lọ mì bọ̀ bí ẹni tó mu ẹmu, tí ẹ bá gbé bàtà sí apá ọ̀tún, ti apá òsì á já bọ́.

Bàbá kan wà nísàlẹ̀ àdúgbò wa, ará Ọ̀fà ni wọ́n, Àlfà ni gbogbo èèyàn ń pè wọ́n. Jórinjórin ni wọ́n, àgbà ti dé, wọn ò fi bẹ́ẹ̀ gba iṣẹ́ mọ́ àmọ́ máṣíìnì ìjórin wọn kékeré ṣì wà nílé. Mo gbé rákì yẹn lọ bá wọn. Wọ́n fi èékánná họ ọ̀dà kúrò ní igun ẹ̀ kan, wọ́n ní, "Ìyá Ìbejì, ẹ wo ibí." Ohun tó wà lábẹ́ ọ̀dà yẹn, ẹyọ kíún bíi hóró ẹ̀wà ni ẹni tó ṣe é fi jó igun yẹn mọ́ra, iwájú nìkan, ẹ̀yìn ò kan ara wọn rárá, bọ́dí-fílà, àtè tí wọ́n fi ń dí ihò ara mọ́tò, ló fi dí i tó wá kun ọ̀dà sórí dípẹtà. Àlfà ní, "Irin yìí ò ṣẹ̀ yín o. Ẹni tó jó o ni ò jó o." Wọ́n ní àwọn máa bá mi ṣe òmíràn. Mo ní rárá Àlfà, ẹ kọ́ mi, ìdí tí mo sì fi sọ bẹ́ẹ̀ ni pé mo fẹ́ mọ ohun tó wà nínú igun kọ̀ọ̀kan nǹkan tí àwọn ọmọ mi á máa gùn mọ́, torí mo mọ̀ wọ́n, wọ́n máa gùn ún. Wọ́n bi mí pé ṣé mo lè fara da iná. Mo ní àti kékeré ni mo ti ń dín àkàrà.

Ká tó ra nǹkan kan, wọ́n ní kí n lọ wọn bàtà ilé wa wá. Bàtà bàbá wọn, nọ́ńbà 44, gígùn ẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ínṣì 12, tí ẹ bá sì kó ẹsẹ̀ méjèèjì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn ó máa gba ínṣì 8. Nítorí náà rákì tó bá jẹ́ ínṣì 40 ní ìbú máa gba bíi bàtà ọkùnrin márùn-ún lórí pẹpẹ kan, ti pẹpẹ mẹ́rin sì máa gba bíi ogún. A wá fi í sí ínṣì 40 ní ìbú, ínṣì 12 láti iwájú dé ẹ̀yìn, ínṣì 36 ní gíga. Skúyà páìpù, ìyẹn páìpù onígun mẹ́rin, ínṣì kan ni a máa lò, tí awọ ẹ̀ nípọn tó mìlímítà 1.5. Ẹsẹ̀ mẹ́rin, ínṣì 36 ọ̀kọ̀ọ̀kan. Torí ẹsẹ̀ ọ̀tún àti tòsì ti gba ínṣì kan kan, àwọn irin tó máa dùbúlẹ̀ láàárín wọn jẹ́ ínṣì 38, iwájú kan, ẹ̀yìn kan, àárín kan, lórí pẹpẹ mẹ́rin, ó jẹ́ méjìlá. Àwọn kéékèèké tó so iwájú mọ́ ẹ̀yìn jẹ́ ínṣì 10, mẹ́jọ. Páìpù kan gùn tó mítà 6, ìyẹn bíi ínṣì 236, mo jókòó pẹ̀lú bírò àti ìwé àwọn Ìbejì, mo pín in títí ó fi bọ́ sínú páìpù mẹ́ta péré, inú mi dùn débi pé mo pe bàbá wọn wá wò ó.

Dei-Dei la ti lọ rà á, ọjà ohun ìkọ́lé. Àlfà ti kìlọ̀ fún mi pé páìpù yẹn, aláwọ̀ dúdú ni kí n rà, kí n má ra èyí tó funfun tó ń dán, torí síǹkì ni wọ́n fi bò ó, tí ẹ bá jó o èéfín ẹ̀ lè dá ibà sí èèyàn lára lálẹ́ ọjọ́ yẹn, òtútù á máa mú yín tí ẹ ó rò pé ibà ẹ̀fọn ni. Wọ́n tún ní tí ọlọ́jà bá sọ pé 1.5 ni kí n má gbà á gbọ́ lásán, kí n gbé e sórí òṣùwọ̀n, páìpù kan gígùn tó jẹ́ 1.5 gbọ́dọ̀ wọ̀n tó bíi kílò 6 àbọ̀, tó bá jẹ́ kílò 5 lé díẹ̀, 1.2 nìyẹn. Mallam tí mo bá níbẹ̀ ò bínú sí i rárá, òun fúnra ẹ̀ ló lọ gbé òṣùwọ̀n wá. Kẹ̀kẹ́ ò lè gbé mítà 6 ṣá, ó fẹ́ gé gbogbo ẹ̀ sí méjì láàárín gbùngbùn, mo ní sannu Mallam, dúró ná, mo yọ tépù àti ṣọ́ọ̀kì nínú báàgì, ibi tí mo sàmì sí ló gé. Tó bá kàn gé e láìwọ̀n ọ́n ni, irin kan lè kúrú.

Gígé ò ní ìtàn púpọ̀. Máṣíìnì ọlọ́wọ́ tó ń yí dísìkì, tí àwọn wẹ́dà ń pè ní fáìlíǹgì máṣíìnì, la fi gé e, Àlfà sì fi nǹkan kan hàn mí tí mi ò mọ̀ rí, pé dísìkì ìgérin ní ọjọ́ tó máa dópin bíi oògùn, wọ́n kọ ọ́ sára òrùka irin kékeré tó wà láàárín ẹ̀. Wọ́n wo èyí tó wà nílé, ó ti kọjá ọdún kan, wọ́n ṣẹ́ ẹ sí méjì kí ẹlòmíì má bàa mú un lò, torí dísìkì tó bá fọ́ nígbà tó ń yí, bí ọfà ló ṣe ń fò.

Jíjó ló wà. Ẹ jẹ́ kí n sọ̀rọ̀ yìí dáadáa torí ibẹ̀ ni gbogbo ẹ̀ wà, ibẹ̀ náà sì ni mo ti ṣìṣe.

A tẹ́ férémù iwájú sórí búlọ́ọ̀kù mẹ́rin tá a ti wò pé wọ́n dọ́gba, ẹsẹ̀ méjì, irin mẹ́rin láàárín. Mo da ìbòjú bojú, mo mú ẹlẹ́kítíróòdù géèjì 12, ìyẹn ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tó máa ń yọ́ sójú ibi tá a bá ń jó, mo fi í kan irin, ó lẹ̀ mọ́ ọn. Mo fà á, mo tún kàn án, ó tún lẹ̀. Ìrọ̀lẹ́ ni, iná ti rẹlẹ̀, Àlfà ní ká fi í sílẹ̀ di àárọ̀. Láàárọ̀ iná dáa, mo gbé agbára iná máṣíìnì sí áńpìa 90, ó mú, ó sì lu páìpù yẹn jáde lójú kan náà, ihò tó tó ọmọ ìka mi. Wọ́n ní kí n sọ ọ́ kalẹ̀ sí 65, kí n sì máa fetí sí i, wọ́n ní tó bá dáa ẹ máa gbọ́ ọ bí àkàrà tó wà nínú epo gbígbóná, ṣààà tí ò dákẹ́, tó bá ń ta pàrà pàrà ọwọ́ yín ti jìnnà sí irin jù nìyẹn. Àti ìgbà tí wọ́n sọ bẹ́ẹ̀ ni ọwọ́ mi ti balẹ̀.

Ìwà ìkánjú mi ló kó bá mi. Igun àkọ́kọ́ tó jó dáadáa, mo jó o yíká, ojú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, mo fẹ́ràn ẹ̀ débi pé mo fi hámà gbá ìdàrọ́ orí ẹ̀ kúrò, mo nu ún, mo jókòó tì í. Àlfà ò sọ nǹkan kan. Ìgbà tí mo jó mẹ́ta yòókù tán ni wọ́n mú tépù, wọ́n wọ̀n ọ́n láti igun òkè ọ̀tún sí ìsàlẹ̀ òsì, ínṣì 53 àti kọ́tà. Wọ́n wọn ti ìdàkejì, 54 àti kọ́tà. Tí férémù bá dúró gún, méjèèjì gbọ́dọ̀ jẹ́ iye kan náà, tiwa yẹn ì bá jẹ́ bíi 53 àti kọ́tà mẹ́ta. Ó ti yẹ̀. Irin tí iná bá ti yọ́ máa ń sún kì nígbà tó bá ń tutù, ó sì máa ń fa ẹnìkejì ẹ̀ mọ́ra, agbára ẹ̀ pọ̀ ju ti ọwọ́ èèyàn lọ, nítorí náà igun tí mo jó yíká nígbà tí àwọn yòókù ò tíì di nǹkan kan mú ti fa ẹsẹ̀ rákì wá sápá ara ẹ̀.

A fi dísìkì gé gbogbo ẹ̀ sọ́tọ̀, ó gba odindi ọ̀sán. Lẹ́yìn náà ẹyọ kíún la kọ́kọ́ fi mú igun kọ̀ọ̀kan, àwọn wẹ́dà ń pè é ní táàkì, ẹyọ kan péré, ká wọn igun sí igun méjèèjì, tí kò bá dọ́gba ká fi hámà gbá a díẹ̀, ó ṣì máa gbọ́, ká tún wọ̀n ọ́n. Ìgbà tó pé géérégé la tó jó o, ká jó díẹ̀ ní ọ̀tún lókè, ká lọ jó díẹ̀ ní òsì nísàlẹ̀, ká má dúró sójú kan. Bá a ṣe ṣe férémù ẹ̀yìn náà nìyẹn, ká tó wá fi àwọn ínṣì 10 so wọ́n pọ̀. Mallam kan tó ń kọjá lọ mọ́sálásí dúró, ó ní "Sannu da aiki, Hajiya," ìyẹn ẹ kú iṣẹ́, mo sì ń wò ó pé bóyá ó rí i pé ó gún.

Ẹ jọ̀ọ́, ọ̀rọ̀ ojú. Ẹẹ̀kan péré ni mo ṣí ìbòjú kí n lè rí ibi tí mò ń táàkì, ẹyọ kan, kò tó ìṣẹ́jú àáyá kan. Aago méjì òru ni mo jí, bí ẹni da iyanrìn àti ata sí mi lójú, omi ń dà, mi ò lè wo gílóòbù, ilé ìwòsàn ló gbà mí láàárọ̀. Ìmọ́lẹ̀ yẹn ń jó ojú bí oòrùn ṣe ń jó ara, ẹ ò sì ní mọ̀ lójú ẹsẹ̀. Dígí nọ́ńbà 10, nọ́ńbà yẹn ló ń sọ bó ṣe dúdú tó, ló wà nínú ìbòjú tí mò ń lò, kí ẹ má sì jẹ́ kí ọmọdé dúró nítòsí wòran. Ẹ̀yin obìnrin, ẹ má fi síkáàfù ọ̀rá tàbí híjáàbù olọ́rá jó irin, òwú ni kí ẹ wé, ọ̀rá á yọ́ mọ́ yín lára.

Nǹkan kan wà tí mi ò rò nígbà tí mò ń pín páìpù. Àlàfo àárín irin kan sí ìkejì lórí pẹpẹ jẹ́ ínṣì 4 àbọ̀, bàtà bàbá wọn dúró dáadáa lórí ẹ̀, àmọ́ gìgísẹ̀ bàtà gogoro tèmi wọ inú àlàfo lọ, bàtà Ìdòwú sì fẹ́rẹ̀ẹ́ já bọ́. A ra nẹ́ẹ̀tì irin sí i, a jó o sórí pẹpẹ òkè àti ti ìsàlẹ̀ pátápátá. Ká ní mo ti gbé bàtà gogoro yẹn wọ̀n nílé lọ́jọ́ yẹn ni, mi ò ní padà sí Dei-Dei.

Ọ̀dà kíkùn nígbà ọyẹ́ le díẹ̀, eruku á lẹ̀ mọ́ ọn kó tó gbẹ. Mo fi gíláàsì pépà họ gbogbo dípẹtà àti ìdàrọ́ tó kù, mo nù ún pẹ̀lú tínà, mo gbé e wọ kọ́rídọ̀, mo wọ́n omi sílẹ̀ kí eruku má bàa dìde, mo ti ilẹ̀kùn, mo kùn ún ní ọ̀dà pupa tó ń dènà dípẹtà lẹ́ẹ̀mejì, ọjọ́ kejì mo kun dúdú sórí ẹ̀. Mo fi rọ́bà dé ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin torí omi tá a fi ń nu ilẹ̀. Ó wọ̀n tó bíi kílò 20, síbẹ̀ mo ní kí bàbá wọn fi skúrù dè é mọ́ ògiri lójú méjì, ọjọ́ kejì ni mo bá Ìdòwú lórí pẹpẹ kejì tó ń na ọwọ́ sókè.

Màmá ọkọ mi jáde láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, wọ́n fọwọ́ mú rákì yẹn, wọ́n mì ín. Wọ́n tún mì ín láti ẹ̀gbẹ́. Wọ́n ní, "Ìyàwó mi, o káre." Wọ́n wá bọ́ sálúbàtà wọn, wọ́n gbé e sórí pẹpẹ kẹta, wọ́n ní ibẹ̀ ni tàwọn, àwọn ò ní í bẹ̀rẹ̀ mọ́ tórí bàtà.