Bàbá Káfíńtà àti Kámẹ́rà Mi

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ń kọ́ṣẹ́ ìtọ́jú ọkàn, tí ẹ sì ti ń gbé kámẹ́rà, ó pé ọdún mẹ́wàá báyìí tí mo ti ń ya fíìmù ìṣẹ̀lẹ̀ gidi nípa àwọn tí àìsàn ọpọlọ ń bá fínra. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, méjì nínú yín gbé iṣẹ́ wọn wá kí n bá wọn wò ó. Àyà mi já. Àṣìṣe tèmi gan-an ni mo rí níbẹ̀.

Èkíní, ẹ má fi orin arò sábẹ́ ohùn ẹni tó ń sọ ìrora rẹ̀. Ohùn yẹn tó.

Èkejì, ẹ má ya ẹnikẹ́ni nígbà tí àìsàn bá ṣì gbé e dè. Ẹ jẹ́ kó balẹ̀ ná.

Ẹ̀kẹta ni ọ̀rọ̀ ìyọ̀ǹda.

Bàbá káfíńtà kan wà lára àwọn tí mo ń tọ́jú. Ìsoríkọ́ ló gbé wọn wá. Nígbà tí mo ní mo fẹ́ yà wọ́n, wọn ò ka ìwé náà tán tí wọ́n fi buwọ́ lù ú. Inú mi dùn. Mi ò bi ara mi pé ta ló lè kọ̀ fún ẹni tó ń sọ àṣírí rẹ̀ fún lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Ọpẹ́ ni wọ́n fi ìwé yẹn dá lọ́wọ́ mi.

Ẹ́dítà tí a jọ ṣiṣẹ́ ní kí n yọ ibi tí wọ́n ti ń ṣàlàyé bí èèyàn ṣe ń so ẹsẹ̀ àga pọ̀ láìlo ìṣó. Ó ní kò wọni lára. Mo ṣì ń bínú sí i dòní, bẹ́ẹ̀ ọwọ́ mi ni àṣẹ wà. Ohun tó ṣẹ́ kù ni àgbàlagbà tó jókòó sétí ibùsùn láìwẹ̀wù, tó ń sunkún.

Lọ́jọ́ tí a kọ́kọ́ fi í han aráyé, Bàbá mú ọmọ wọn obìnrin dání. Èrò inú gbọ̀ngàn sunkún, wọ́n dìde pàtẹ́wọ́. Bàbá ò dìde. Lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n bi mí pé, "Dókítà, iṣẹ́ ọwọ́ mi dà nínú ẹ̀?" Wọn ò wá gbàtọ́jú lọ́dọ̀ mi mọ́.

Mo ti ka ìtàn fíìmù Titicut Follies nílé ìwé, èyí tí Frederick Wiseman gbé jáde ní 1967 láti ọgbà ìtọ́jú Bridgewater ní Massachusetts, Amẹ́ríkà. Ó tú ìwà ìkà ibẹ̀ síta. Ilé ẹjọ́ fòfin dè é nítorí àṣírí àwọn aláìsàn tó hàn nínú rẹ̀. 1991 ni aráàlú tó láǹfààní láti wò ó ní fàlàlà. Ìjọba tó ń bo ìdọ̀tí ara rẹ̀ nìkan ni mo rí nínú ìtàn náà nígbà yẹn. Ìbéèrè Bàbá ló jẹ́ kí n ronú kan àwọn ọkùnrin tó wà níwájú kámẹ́rà.

Ní báyìí, ẹni tí kì í ṣe olùtọ́jú àwọn tí mo fẹ́ yà ló ń bá mi béèrè ìyọ̀ǹda lọ́wọ́ wọn: kí a tó yà, lẹ́yìn tí a bá yà, àti nígbà tí a bá tò ó tán. Àwọn ló ń kọ́kọ́ wò ó, ohun tí wọ́n bá ní kí a yọ, a ó yọ ọ́.

Mo lọ bẹ Bàbá nílé. Mo yọ wọ́n kúrò nínú fíìmù náà pátápátá. Ìṣẹ́jú mẹ́rìnlá tí wọ́n fi so àga yẹn pọ̀ ṣì wà lọ́wọ́ mi. Wọ́n ní kí n má fi han ẹnikẹ́ni títí àwọn yóò fi sọ. Wọn ò tíì sọ.