Ṣé O Rí I, àbí Wọ́n Sọ Fún Ọ?

Aago mẹ́ta òru ti kọjá díẹ̀ nígbà tí mo ṣílẹ̀kùn yàrá 9, ní ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó tí mo ti ń ṣiṣẹ́, láti yọjú wo ìyá tó ń gbébẹ̀. Ilẹ̀ ni mo bá a lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Kò sunkún, kò pariwo, tíì ló ń béèrè. A yẹ gbogbo ara rẹ̀ wò, kò sí ibi tó dùn ún, a gbé e dìde.

Ó wá ku ìwé kíkọ. Ọmọ tí a jọ wà lẹ́nu iṣẹ́ ti ń tẹ̀ ẹ́ lọ: “Ó já bọ́ láti orí bẹ́ẹ̀dì ní aago mẹ́ta.” Mo ní, “Ṣé o rí i nígbà tó ń já bọ́?” Ó ní rárá. Mo ní, “Kọ ọ́ pé a bá a nílẹ̀.”

Ó wò mí bí ẹni tó ń wá ìjà. Kò mọ̀ pé èmi kọ́ ni mo sọ̀rọ̀ yẹn. Ọ̀gá ni, láti Lágere.

Kí n tó wá sí Manchester wá máa gbé àwọn arúgbó dìde, ọdún mẹ́fà ni mo fi ṣe akọ̀ròyìn ní Ilé-Ifẹ̀. Ìwé ìròyìn ọlọ́sẹ̀ kan ni. Orí pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kan ní Lágere la wà, ẹni tó ń tún jẹnẹrétọ̀ ṣe wà nísàlẹ̀ wa, nítorí náà igbe la fi ń bá ara wa sọ̀rọ̀. Ìbàdàn ni wọ́n ti ń bá wa tẹ ìwé. Bí a bá ti jẹ àwọn tó ń tẹ̀ ẹ́ lówó, ọ̀sẹ̀ yẹn gbé nìyẹn. Ọ̀gá, tó jẹ́ olóòtú wa, á ní ká fọkàn balẹ̀, pé Ìwé Ìròyìn tí Townsend, òyìnbó ajíhìnrere, dá sílẹ̀ ní Abẹ́òkúta ní 1859 gan-an, ọ̀sẹ̀ méjì-méjì ló ń jáde, 120 owó ẹyọ ni wọ́n sì ń tà á. Ti owó oṣù tiwa, ẹ jẹ́ ká fi sílẹ̀ ná.

Ọ̀gá kì í pariwo mọ́ èèyàn. Bírò pupa ló fi ń bá wa wí. Ìròyìn àkọ́kọ́ tí mo gbé síwájú rẹ̀ jẹ́ ti jàǹbá ọkọ̀ kan lọ́nà Ìbàdàn, nítòsí Ìpetumodù. Mo kọ ọ́ pé dẹ́rẹ́bà ń sá eré àsápajúdé. Ó fàlà sábẹ́ “àsápajúdé”, ó gbójú sókè.

“Ìwọ náà wà nínú ọkọ̀ ọ̀hún ni?”

“Rárá, sà.”

“Ta ló wá sọ fún ọ?”

“Àwọn tó dúró níbẹ̀, sà.”

“Orúkọ wọn ńkọ́?”

Mi ò gba orúkọ ẹnì kankan. Ó na ìwé náà sí mi, ó ní kí n padà lọ. Oòrùn ọ̀sán gangan, owó ọkọ̀ látinú àpò ara mi. Obìnrin kan tó ń ta bọ́ọ̀lì lẹ́bàá títì ló sọ fún mi pé òun gbọ́ tí táyà bẹ́, kí ọkọ̀ náà tó ya wọgbó. Ó dárúkọ ara rẹ̀, ó tún fi ibi tí táyà ọ̀hún fò sí hàn mí. Dẹ́rẹ́bà tí mo fẹ́ bà lórúkọ jẹ́ wà lórí bẹ́ẹ̀dì ọsibítù, kò tíì lè lanu.

Ẹni tó bá ṣe iṣẹ́ ìròyìn ní Ifẹ̀ kò lè ṣe kó má gbọ́ orúkọ Délé Gíwá. Ilé-Ifẹ̀ ni wọ́n bí i sí ní 1947. Ààfin Ọọ̀ni Adésọjí Adérẹ̀mí ni bàbá rẹ̀ ti ń ṣiṣẹ́. Ó lọ sí Amẹ́ríkà, ó kàwé, ó ṣiṣẹ́ ní New York Times, ó sì padà wálé wá ṣe olóòtú Sunday Concord, kí òun àti Ray Ekpu, Dan Agbese àti Yakubu Mohammed tó dá ìwé ìròyìn Newswatch sílẹ̀. Ọjọ́ 19 oṣù Kẹwàá 1986, bọ́ǹbù tí wọ́n dì sínú àpò ìwé pa á nílé rẹ̀ ní Ìkẹjà. Ẹni ọdún 39 ni. Títí di òní, kò sí ẹni tí ilé ẹjọ́ dá lẹ́bi ikú rẹ̀.

Pé Gíwá padà wálé yẹn ni àbúrò bàbá mi máa ń rí dì mú. “Gíwá lọ, ó padà. Ìwọ ńkọ́?” Ẹnu ni mo fi ń rẹ́rìn-ín. Owó oṣù mẹ́jọ ni wọ́n jẹ mí ní ibi tí mo ṣiṣẹ́ sí kẹ́yìn, èyí tí mo lọ lẹ́yìn tí mo kúrò lọ́dọ̀ Ọ̀gá. Ẹ ò ní fi ìyẹn san owó ilé ìwé ọmọ.

Mo wálé fún líífù ní oṣù Kejìlá tó kọjá. Alẹ́ yàrá 9 yẹn ni iṣẹ́ mi kẹ́yìn kí n tó wọ bàálù. Mo lọ kí Ọ̀gá. Ó ti fẹ̀yìn tì, ó jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ìwé ìròyìn lórí ẹsẹ̀, bírò lẹ́yìn etí. Ojú ń tì mí láti sọ irú iṣẹ́ tí mò ń ṣe fún un, ni mo bá fi ìtàn ìyá yẹn bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí mo dé ibi “a bá a nílẹ̀”, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi ń wúkọ́, ìyàwó rẹ̀ gbé omi wá fún un.

Ó mu omi tán. Ó ní, “Ìyá ọ̀hún wá ńkọ́? Kí ló ní ó gbé òun délẹ̀?”

“Mi ò mọ̀, sà. Aago mẹ́jọ ni mo ṣíwọ́.”

“O ò padà lọ béèrè?”

Mo tún di ọmọ kékeré tí kò gba orúkọ ẹnì kankan ní Ìpetumodù.

Ọjọ́ tí mo padà sẹ́nu iṣẹ́, mi ò tíì bọ́ kóòtù tí mo fi ya yàrá 9. Mo béèrè lọ́wọ́ ìyá náà. Ó ní ta ló sọ pé òun ṣubú? Sílípáàsì òun lòun ń wá lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, òun kúnlẹ̀ mú un, orúnkún ò wá jẹ́ kí òun lè dìde mọ́.

Mo fi ránṣẹ́ sí Ọ̀gá lórí WhatsApp: “Ó kúnlẹ̀ ni, sà. Kò ṣubú rárá.”

Èsì rẹ̀ ò ju ìlà kan lọ: “O ṣeun. Ẹni ọdún mélòó ni?”