Bọ́ọ̀sì 259, ìyá Arsenal, ọmọ Tottenham

Ẹ má bínú pé ó ti pẹ́ tí mo kọ nǹkan gbẹ̀yìn, iṣẹ́ alẹ́ ni, ẹ ṣáà mọ̀ bó ṣe ń ṣe èèyàn. Ohun tó gbé mi dé lónìí ni pé àbúrò kan níbi iṣẹ́ bi mí lọ́sẹ̀ tó kọjá pé "Àǹtí, ṣé àwọn obìnrin náà máa ń ní ọ̀tá nínú bọ́ọ̀lù ni? Mo rò pé wọ́n kàn ń gbá a jẹ́jẹ́ ni." Mo wò ó títí. Mo ní kó wá sílé mi lọ́jọ́ tí àwọn obìnrin Arsenal bá fẹ́ pàdé àwọn obìnrin Tottenham, kílọ́ọ̀bù Lọ́ńdọ̀nù méjì tó jẹ́ ọ̀tá ara wọn, kó wá wo bí èmi ìyá tó jẹ́ Arsenal àti ọmọ mi tó jẹ́ Tottenham ṣe ń jẹ ìrẹsì lórí tábìlì kan náà tí ẹnì kan ò ní gbé omi fún ẹnì kejì.

Ìbàdàn ni wọ́n bí mi sí, Mọ́kọ́lá, bọ̀dá mi àgbà ló sọ gbogbo ilé wa di Arsenal, Kanu ló sì sọ òun náà dà bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá ti lójú ní October 1999 á rántí, Chelsea ti fi 2 sí òdo jẹ wá nílé wọn, ó ku bí ìṣẹ́jú 15 kó parí, ni Kanu bá gbá 3 wọlé léraléra, ìkẹta yẹn sì wá láti igun kan tí èèyàn ò rò pé bọ́ọ̀lù lè gbà wọlé láéláé. Bọ̀dá mi bọ́ ṣẹ́ẹ̀tì jù sílẹ̀, ó sáré gba ọ̀nà Sábó lọ, ilẹ̀ ti ṣú kó tó padà wálé. Látọjọ́ yẹn kò sẹ́ni tó bi ẹnikẹ́ni nílé wa pé kílọ́ọ̀bù wo lo fẹ́.

Mo wá dé Lọ́ńdọ̀nù, ilé tó bá owó wa mu, Edmonton la ti rí i, ibẹ̀ ni mo bí ọmọ mi sí, ibẹ̀ ló ti lọ síléèwé, àwọn ọmọ àdúgbò yẹn sì rèé, Tottenham ni gbogbo wọn. Ọmọ ọdún méje ló dé lọ́jọ́ kan tó jókòó sórí àga, kò tíì bọ́ bàtà, ó ní "Mọ́mì, Spurs ni wá." (Orúkọ ìnagijẹ Tottenham nìyẹn.) Mo ní ta ni "wá"? Mo rò pé ó máa kọjá ni. Kò kọjá o.

Ẹni tí ò bá mọ apá ibí yìí, bọ́ọ̀sì kan wà tí wọ́n ń pè ní 259, ó ń kọjá ní Edmonton Green, á gba High Road kọjá níwájú pápá Tottenham, á dé Seven Sisters, á gba Finsbury Park lọ sí Holloway, níbi tí èèyàn ti lè sọ̀ kó fẹsẹ̀ rìn dé Emirates, pápá Arsenal. Bọ́ọ̀sì kan náà yẹn ló ń kọjá lẹ́bàá ilé ọ̀tá méjèèjì, ilé wọn ò sì tó máìlì 5 síra wọn. Nínú bọ́ọ̀sì yẹn lèmi àti ọmọ mi ti ń jà jù.

Ìjà ọ̀hún gan-an, ìjà ilẹ̀ ni, ọmọ Ìbàdàn ni mí, mo mọ ìjà ilẹ̀ tí mo bá rí i. Arsenal kì í ṣe ará ibẹ̀. Woolwich ni wọ́n ti wá, ìsàlẹ̀ lọ́hùn-ún, òdìkejì odò Thames, 1913 ni wọ́n kó ẹrù wọn wá sí Highbury ní àríwá Lọ́ńdọ̀nù, àwọn Tottenham tó ti wà níbẹ̀ láti 1882 ní ta ló pè yín? Nígbà tó di 1919, ogun parí, wọ́n fẹ́ fi kún iye kílọ́ọ̀bù tó wà ní Dífíṣọ̀n Kìíní, ìpele tó ga jù nígbà yẹn, wọ́n dìbò, Arsenal ní 18, Tottenham ní 8. Tottenham já bọ́, Arsenal gòkè. Ìpele kejì ni Arsenal wà tẹ́lẹ̀ o, wọn ò sì gbé ipò kìíní tàbí ìkejì níbẹ̀! Mo fẹ́ràn kílọ́ọ̀bù mi àmọ́ mi ò lè purọ́, àlejò tó dé tó gba ilẹ̀ lọ́wọ́ ọmọ onílẹ̀ ni wá.

Àmọ́ kí ló kan àwọn obìnrin nínú ìyẹn? Ìbéèrè tí àbúrò yẹn ì bá ti bi mí nìyẹn. Nígbà tí àwọn ọkùnrin ń jà lórí ìbò, obìnrin ò tiẹ̀ ní pápá. December 1921 ni FA, àjọ bọ́ọ̀lù ilẹ̀ England, sọ pé bọ́ọ̀lù ò yẹ obìnrin, pé kí kílọ́ọ̀bù kankan má yá wọn ní pápá mọ́, òfin yẹn sì wà fún nǹkan bí 50 ọdún. Àádọ́ta ọdún! Ẹ ronú ẹ̀ wò, ìyá ìyá èèyàn, ìyá èèyàn, kí wọ́n tó wá gba ọmọ láyè. Ìgbà tó di 1985 ni àwọn kan bẹ̀rẹ̀ tíìmù kan tí wọ́n pè ní Broxbourne Ladies, àwọn yẹn ló padà wá di Tottenham obìnrin. Ní 1987 ni Vic Akers, ẹni tó tún ń tọ́jú aṣọ àti bàtà àwọn ọkùnrin Arsenal, dá ti Arsenal sílẹ̀. Ẹ sì wá wo ẹ̀fẹ̀ ibẹ̀, Hertfordshire ni Broxbourne wà, Boreham Wood tí àwọn obìnrin Arsenal ti ń gbá bọ́ọ̀lù fún ọ̀pọ̀ ọdún, Hertfordshire náà ni. Ìjà àríwá Lọ́ńdọ̀nù, àwọn tó ń jà á kì í gbé Lọ́ńdọ̀nù. Mo sọ fún ọmọ mi, kò rẹ́rìn-ín.

Ìjà àjogúnbá ni wọ́n fà lé wọn lọ́wọ́, bí bàbá ṣe ń fi ẹjọ́ sílẹ̀ fún ọmọ. Ọ̀pọ̀ ọdún ni kò sì jọ ìjà rárá. Ìyà ni. Àwọn tiwa ti gba ife Yúróòpù ní 2007, Tottenham ò tíì sí nínú lígì tó ga jù. March 2017 ni wọ́n pàdé nínú FA Cup, Arsenal gbá 10 wọlé, Tottenham ò rí ẹyọ kan. (Asisat Oshoala tiwa, ọmọ Ìkòròdú, òun ti gba FA Cup pẹ̀lú Arsenal ní 2016, àmọ́ ó ti kọjá lọ sí Ṣáínà kí ìyà yẹn tó wáyé, ó dùn mí, mi ò bá fẹ́ kí ó pín níbẹ̀.)

Inú lígì tó ga jù, 2019 ni Tottenham tó wọbẹ̀. November ọdún yẹn ni wọ́n kọ́kọ́ pàdé, inú pápá ńlá Tottenham tuntun, èèyàn 38,262 ló wá wò wọ́n, kò tíì sí irú ẹ̀ rí nínú lígì obìnrin nígbà yẹn. Kim Little tiwa gbá ọ̀kan, Miedema tiwa gbá ìkejì, ó parí. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni ọmọ mi, ó wò ó lórí tẹlifíṣọ̀n pẹ̀lú jẹ́sí lọ́rùn, mo ṣe é ní yẹ̀yẹ́ títí, mo wá ń kábàámọ̀ ẹ̀ báyìí díẹ̀. Ní 2021, Rachel Williams ti Tottenham gbá ọ̀kan wọ ilé wa, a wà bẹ́ẹ̀ títí wọ́n fi ń ka ìṣẹ́jú àfikún, ọmọ mi ti ń jó, Miedema tún dé, 1 sí 1. Ẹ ò rí i, ẹni tó jó tán tí wọ́n ní kó jókòó, ojú ẹ̀ kì í wò ó. Ọdún tó tẹ̀ lé e, September, ní Emirates, níwájú èèyàn 47,367, a jẹ wọ́n ní 4 sí òdo. Ó tó bẹ́ẹ̀ tí mi ò fi ṣe yẹ̀yẹ́ mọ́, àánú ẹ̀ ló ń ṣe mí, ọmọ náà sì mọ̀ pé àánú ni, ìyẹn gan-an ló bí i nínú jù. Ó ní "Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ kúkú máa bú mi."

Ó wá di December 2023. Sunday ọjọ́ 10, Arsenal fi 4 sí 1 na Chelsea níwájú èèyàn 59,042, Chelsea tó ń gba ife lọ́dọọdún o! Bẹ́ẹ̀ mo ti ra tíkẹ́ẹ̀tì sílẹ̀ fún ti Tottenham ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, ọjọ́ 16, torí ọmọ mi ti ń bẹ̀ mí láti ìgbà tí ewé ti bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ̀, tíkẹ́ẹ̀tì àwọn obìnrin sì ṣeé rà, ti àwọn ọkùnrin yẹn, owó oúnjẹ ọ̀sẹ̀ kan ni. Mo ti ń ronú ohun tí mo máa sọ láti fi tù ú nínú tá a bá ń padà bọ̀. Mo dín puff-puff, mo dì í sínú nylon. Mo ká síkáàfù Arsenal mi sí ìsàlẹ̀ báàgì, mo gbé puff-puff lé e, torí àárín àwọn ará Tottenham la máa jókòó sí. Ọmọbìnrin tó ń yẹ báàgì wò lẹ́nu ọ̀nà gbé nylon yẹn sókè, ó rí pupa àti funfun nísàlẹ̀, ó wo ojú mi, ó wo jẹ́sí ọmọ mi, ó rọra dá nylon padà sórí ẹ̀. Kò sọ nǹkan kan. Ọlọ́run á bá mi bù kún un.

Òtútù yẹn, ẹ gbà mí gbọ́, ìka mi ò gbọ́ tèmi mọ́. Háàfù àkọ́kọ́, òdo sí òdo, Arsenal ló ń gbé bọ́ọ̀lù káàkiri, mo fọkàn balẹ̀. Wọ́n padà wọlé. Ebi wá mú mi, mo tẹ orí ba, mò ń wá puff-puff tó ti yí lọ sábẹ́ síkáàfù, ni ariwo bá ta lókè orí mi, àga mì, ẹnì kan dà tíì lé mi lẹ́yìn. Ìgbà tí mo fi gbójú sókè, Martha Thomas ti Tottenham ti ń sáré lọ. Gólì tó yí gbogbo nǹkan padà, iṣẹ́jú àáyá díẹ̀ péré, puff-puff ni mò ń wá. Títí dòní ọmọ mi máa ń sọ pé mo mọ̀ọ́mọ̀ tẹ orí ba ni.

Ìyókù eré yẹn, ẹni tí ò bá bá wọn níbẹ̀ ò lè mọ̀ ọ́n. Arsenal ń wá, wọ́n ń wá, gbogbo ìgbà tí bọ́ọ̀lù bá ti sún mọ́ ilé Tottenham, ọmọ mi á di ọrùn ọwọ́ mi mú, èékánná ẹ̀ ń wọlé, mi ò lè fa ọwọ́ mi. Èmi náà wá wà níbẹ̀ tí mi ò mọ ohun tí mò ń bẹ Ọlọ́run fún mọ́. Tí bọ́ọ̀lù bá lọ síwájú, ọkàn mi á ní kó wọlé, èékánná yẹn á tún gún mi, ọkàn mi á ní kó má wọlé jàre. Olùdájọ́ fọn fèrè. Èèyàn 19,480 ló wà níbẹ̀, gbogbo wọn dìde, ọmọ mi nìkan ló jókòó. Ó fi ọwọ́ méjèèjì bojú, èjìká ẹ̀ ń mì. Ìyá àgbà òyìnbó kan tó wà níwájú wa yíjú padà, ó fa tíṣù yọ, ó fún un, ó tún fa òmíràn yọ, ó fi nu ojú ara ẹ̀. Ó ní láti ìgbà tí wọ́n ti ń gbá a lórí pápá tí ajá ń rìn gbéregbère lòun ti ń tẹ̀ lé wọn kiri. Ìgbà àkọ́kọ́ tí Tottenham na Arsenal nínú lígì obìnrin nìyẹn.

A wọ 259, a gòkè lọ jókòó sí iwájú. Ọmọ mi ò fọhùn, ó kàn ń rẹ́rìn-ín sí gíláàsì. Ni fóònù mi bá dún, Ìbàdàn.

"Ẹ káàsán sà."

"Kí ni mò ń gbọ́ yìí? Tottenham nà wá?"

"Àwọn obìnrin ni sà."

"Mo bi ẹ́ pé ṣé wọ́n nà wá, o ń sọ fún mi pé obìnrin ni. Ṣé jẹ́sí ọ̀tọ̀ ni wọ́n wọ̀ ni?"

Mo dákẹ́. Ẹ wò ó, bọ̀dá mi yìí, tá a gbá Chelsea 4 ní ọjọ́ mẹ́fà sẹ́yìn, kò pè mí. Ọjọ́ 10 sí òdo, kò pè. Ife tí Oshoala gbà, èmi ni mo sọ fún un. Òun ló wá ń pè láti Mọ́kọ́lá yìí tí ohùn ẹ̀ ń gbọ̀n. Ó ní kí n gbé fóònù fún ọmọ yẹn. Ọmọ mi gbà á, ó kúnlẹ̀ díẹ̀ lórí àga bọ́ọ̀sì, "Ẹ káàsán, Bàbá Ìbàdàn," mo wá ń gbọ́ bọ̀dá mi lódìkejì tó ń pariwo pé dúró dè wá ní March, ìwọ ọmọ yìí, dúró dè wá. Ó mọ ọjọ́ tá a tún máa pàdé!

A pàdé lóòótọ́, 3 March 2024, Emirates, èèyàn 60,050, Russo tiwa gbá ẹyọ kan, a sì fẹ́rẹ̀ẹ́ kú kó tó parí, kì í ṣe bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. Lẹ́yìn ẹ̀ a jẹ wọ́n ní 3, ní February 2025 a jẹ wọ́n ní 5, mi ò ní purọ́ pé wọ́n ti bá wa dọ́gba. Àmọ́ ọmọ mi ò sunkún nínú ọ̀kankan. Nọ́ńbà tó fi ń ṣí fóònù ẹ̀, 1612 ni, ọjọ́ 16 oṣù 12. (Ó ti yí i padà báyìí, ẹ má yọ ara yín lẹ́nu.)

Ìkẹyìn ni ti May 2025, ọjọ́ 24, tí àwọn obìnrin wa lọ bá Barcelona nílùú Lisbon láti gba ife Yúróòpù. Ọmọ mi ní òun ò wò, ó wọ yàrá lọ, ó tìlẹ̀kùn. Mo gbé ìrẹsì kaná, mo jókòó. Ìṣẹ́jú 74, Blackstenius gbá a wọlé, mo lọgun débi pé aládùúgbò kan ògiri. Ilẹ̀kùn yàrá ṣí díẹ̀. Ó yọjú, ó wo tẹlifíṣọ̀n, ó wò mí níbi tí mo ti wà lórí ìkúnlẹ̀.

Ó ní, "Ẹ kú oríire, Mọ́mì. Ìrẹsì yín ń jóná."

Ó padà wọlé, ó rọra tìlẹ̀kùn.