Aago Ni Kí Ẹ Kà: Ohun Tí Mo Kọ́ Lára Tóbi Amusan

Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbé ẹsẹ̀ lé pápá, ohun àkọ́kọ́ tí iṣẹ́ kíkọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní eré họ́dù (eré sísá tí a ti ń ré àwọn igi ìdènà kọjá) kọ́ mi ni pé eré sísá ni, kì í ṣe eré fífò. Ẹni tó bá ń fò sókè ń fi àkókò rẹ̀ ṣòfò lófuurufú. Nínú eré ọgọ́rùn-ún mítà ti àwọn obìnrin, họ́dù mẹ́wàá ló wà lójú ọ̀nà, tí gíga ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 83.8. Mítà 8.5 ló wà láàárín ọ̀kan sí èkejì, ìṣísẹ̀ mẹ́ta péré la sì ń gbé níbẹ̀. Ẹ wo ẹni tó mọ̀ ọ́n sá dáadáa: á gbé orókún iwájú sókè, á tẹ àyà síwájú, á fa orókún ẹ̀yìn gba abẹ́ apá kọjá, ẹsẹ̀ iwájú á sì ti kanlẹ̀ kí ojú yín tó mọ̀ pé ó kúrò nílẹ̀.

Ẹni tí mo máa ń ní kí àwọn ọmọ wò ni Tóbi Amusan, ọmọ Ìjẹ̀bú-Òde tí wọ́n bí ní 1997. Ó gba góòlù ilẹ̀ Áfíríkà ní Brazzaville ní 2015, ó lọ kàwé ní Yunifásítì Texas tó wà ní El Paso, ó sì gba góòlù Commonwealth ní 2018. Síbẹ̀, ibi tí mo ti rí ẹ̀kọ́ jù lọ ni ìdíje ńlá méjì tó ti wálé lọ́wọ́ òfo. Nínú ìdíje àgbáyé ní Doha ní 2019, ó fi ìṣẹ́jú àáyá 12.49 ṣe ipò kẹrin. Ẹni tó ṣe ipò kẹta sá 12.47. Ní ìdíje Olympics ti Tokyo tí wọ́n ṣe ní 2021, ipò kẹrin ló tún ṣe pẹ̀lú 12.60, nígbà tí ẹni kẹta sá 12.55. Ẹni tó bá ka ipò nìkan á ní ó kùnà lẹ́ẹ̀mejì, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ka aago á rí i pé ìṣísẹ̀ kan tó bá gùn jù lẹ́yìn họ́dù kan ṣoṣo ti tó láti fa irú ìyàtọ̀ bẹ́ẹ̀. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún kan náà, ó sá 12.42 ní Zurich, ó sì kọjá 12.44 tí Glory Alozie fi di ẹni tó yára jù lọ ní Áfíríkà láti 1998.

Ọjọ́ 24 oṣù keje ọdún 2022, nínú ìdíje àgbáyé ní Eugene ní Amẹ́ríkà, ló sá 12.12 ní ìpele tó kángun sí àṣekágbá, tí kò sì sí obìnrin kankan láyé tó tíì yára tó bẹ́ẹ̀ rí; 12.20 ti Kendra Harrison ló wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀. Nínú àṣekágbá lọ́jọ́ náà, ó sá 12.06. Góòlù náà, tí inú mi ń dùn sí títí di òní, ni àkọ́kọ́ tí ọmọ Nàìjíríà gbà nínú ìdíje àgbáyé orí pápá ìta gbangba. Ṣùgbọ́n wọn kò ka 12.06 sí àkọsílẹ̀ àgbáyé, nítorí pé afẹ́fẹ́ tó ń tì wọ́n lẹ́yìn jẹ́ mítà 2.5 ní ìṣẹ́jú àáyá kan, 2.0 sì ni òfin gbà. Tí ẹ bá ń kọ aago yín sílẹ̀ lẹ́yìn eré, ẹ kọ afẹ́fẹ́ mọ́ ọn.

Iṣẹ́ kan tún wà tí àwọn ọ̀dọ́ kì í kà sí. Eléré tó bá ti dé ipò gíga gbọ́dọ̀ máa sọ ibi tí àwọn tó ń yẹ eléré wò bóyá ó lo oògùn tí òfin kọ̀ ti lè rí òun fún wákàtí kan lójoojúmọ́; bí wọn kò bá bá a lẹ́ẹ̀mẹta láàárín oṣù 12, ó lè fi ọdún méjì jókòó sílé. Wọ́n fi irú ẹ̀sùn yìí kan Tóbi ní 2023, wọ́n sì dá a láre nígbà tí ìdíje àgbáyé ti Budapest ti dé tán. Ipò kẹfà ló ṣe níbẹ̀. Wọ́n pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn, ó tún jàre ní 2024.

Lọ́dún yẹn, kò dé àṣekágbá ní ìdíje Olympics ti Paris. Ní 2025, nínú ìdíje àgbáyé ní Tokyo, ó gba fàdákà lẹ́yìn Ditaji Kambundji, ọmọ Switzerland tó sá 12.24. Aago Tóbi jẹ́ 12.29, ó sì yá ju 12.30 tó fi gba góòlù Commonwealth ní Birmingham ní 2022.