Ẹnu igbá lórí kíjìpá: bí mo ṣe ń fi ìlà tó gún hun òbírí

Ohun tí mo ń hun

Kíjìpá kan ni mo ń hun fún ògiri pálọ̀ wa ní Kabba, ní ìpínlẹ̀ Kogi. Ìbú rẹ̀ jẹ́ 50 sẹ̀ǹtímítà. Láàárín rẹ̀ ni mo fẹ́ kí ẹnu igbá ti hàn: òbírí kan ṣoṣo, funfun lórí aró, tí ìdábùú rẹ̀ jẹ́ 42 sẹ̀ǹtímítà. Tí mo bá hun ún tán, màá rán okùn tín-ín-rín yí etí rẹ̀ ká.

Ìlà àti igun ló pọ̀ jù lórí aṣọ tí àwọn ìyá wa ń hun, láti Owé dé Bùnú àti Ìjùmú, nílẹ̀ àwa Òkun. Kò sì yà mí lẹ́nu. Òwú òòró àti òwú ìbú nìkan ló ń pàdé lórí òfì, ohunkóhun tó bá sì fẹ́ rí rọ̀bọ̀tọ̀ níbẹ̀, ìlà tó gún ni a ó fi kọ́ ọ. Ohun tó fà mí mọ́ iṣẹ́ yìí nìyẹn. Mo fẹ́ mọ ohun tí òbírí máa ń pàdánù nígbà tí a bá sọ ọ́ di ìlà, àti ohun tí kì í pàdánù.

Mi ò fi òwú pupa sí i rárá. Pupa tí wọ́n mọ Bùnú mọ́, ìyẹn aṣọ ipò, ti ìsìnkú àgbà àti ti egúngún ni. Kì í ṣe ohun tí èèyàn ń so mọ́ ògiri torí pé ó dùn ún wò.

Wíwọn òwú

Kí n tó ta òwú gidi sórí òfì, mo kọ́kọ́ hun pélébé kan láti mọ bí òwú ṣe fún mọ́ra. Nínú 10 sẹ̀ǹtímítà, òwú òòró 100 ni mo kà, ti ìbú sì jẹ́ 80. Ẹni tó bá fẹ́ fi ìwé gíráàfù hun àwòrán gbọ́dọ̀ ṣe èyí ṣáájú. Ká ní ojú kan lórí ìwé dúró fún òwú kan lókè àti lẹ́gbẹ̀ẹ́, òbírí tí òwú rẹ̀ jẹ́ 420 níbùú tó sì jẹ́ 420 lóòró yóò fẹ̀ ní 42 sẹ̀ǹtímítà, ṣùgbọ́n yóò ga ní 52.5. Ẹyin lèèyàn yóò hun, kì í ṣe ẹnu igbá.

Nítorí náà, ojú kan lórí ìwé mi dúró fún sẹ̀ǹtímítà kan: òwú òòró 10, òwú ìbú 8.

Ọyẹ́ ṣì ń fẹ́ nígbà tí mo ta òwú yìí. Òwú tó gbẹ máa ń já, torí náà mo ń ta omi díẹ̀díẹ̀ sí ilẹ̀ abẹ́ òfì láràárọ̀ kí atẹ́gùn ibẹ̀ lè tutù. Ó ràn án lọ́wọ́ gan-an.

Títò ó sórí ìwé

Òfin Pythagoras, tó so ẹ̀gbẹ́ mẹ́ta onígun mẹ́ta tó ní igun 90 dígírì pọ̀, ló ń sọ ibi tí funfun yóò ti bẹ̀rẹ̀ àti ibi tí yóò parí sí lórí ìlà kọ̀ọ̀kan. Ìdajì ìdábùú jẹ́ 21. Tí a bá sọ 21 di ìlọ́po ara rẹ̀, ó di 441. Ẹ jẹ́ ká mú ìlà kọkànlá, tí agbedeméjì rẹ̀ jìnnà sí àárín òbírí ní 10.5. Ìlọ́po ara rẹ̀ jẹ́ 110.25, a yọ ọ́ kúrò nínú 441, ó ku 330.75. Nọ́ńbà tí ìlọ́po ara rẹ̀ ń jẹ́ 330.75 ni 18.19. Mo kọ 18 sílẹ̀. Ó túmọ̀ sí pé lórí ìlà yẹn, funfun yóò gba ojú 18 sí apá òsì àárín, 18 sí apá ọ̀tún.

Bí mo ṣe ṣe gbogbo rẹ̀ nìyẹn. Láti àárín lọ sókè, ìlà márùn-ún àkọ́kọ́ jẹ́ 21, mẹ́ta tó tẹ̀ lé wọn jẹ́ 20, lẹ́yìn náà 19, 19, 18, 18, 17, 16, 15, 14, 13, 12, 10, 8, 5. Apá ìsàlẹ̀ náà bá a dọ́gba. Ẹ wo bí nọ́ńbà ṣe ń rìn: lẹ́gbẹ̀ẹ́ òbírí, ìlà ń tò léra wọn láìyí padà, ó kù díẹ̀ kó dé òkè, ó wá ń já wálẹ̀ ní méjì-méjì, ní mẹ́ta. Èèyàn lè di ojú kó sì mọ òbírí náà nínú nọ́ńbà wọ̀nyí. Mo fẹ́ràn apá yìí ju ibi tí mo ti ń hun ún gan-an lọ.

Ọ̀nà tó jọ èyí ni kọ̀ǹpútà àti fóònù ń gbà ya òbírí sójú wọn, torí ojú kéékèèké onígun mẹ́rin náà ló wà lórí tiwọn.

Lórí òfì

Ìsàlẹ̀ lọ sókè ni a ń hun kíjìpá, torí náà ìlà tó ní ojú 10 ni mo kọ́kọ́ pàdé: 5 lọ́tùn-ún, 5 lósì. Òwú aró ń lọ láti etí dé etí. Òwú funfun ń bá a rìn nínú òbírí nìkan, ibi tí òbírí bá parí ni ó ti ń yí padà. Mo so òwú tẹ́ẹ́rẹ́ aláwọ̀ yẹ́lò mọ́ òwú òòró tó wà ní àárín gan-an kí n lè máa kà láti ibẹ̀, dípò kí n máa kà láti etí aṣọ tó lè fà wọlé.

Nígbà tí mo hun ún dé ìdajì, mo gbé fọ́tò rẹ̀ lọ sí Ogidi, ìlú Nike Davies-Okundaye tó gbajúmọ̀ fún iṣẹ́ ọnà àdìrẹ, lọ́dọ̀ màmá tó kọ́ mi ní híhun. Mo kúnlẹ̀, mo kí wọn bí a ṣe ń kíni lágbègbè wa, mo ní, "Òkun o, Màmá." Wọ́n gba fóònù lọ́wọ́ mi, wọ́n gbé e jìnnà sí ojú, wọ́n tún fà á súnmọ́.

"Láti òkèèrè, igbá ni. Tí mo bá súnmọ́ ọn, àtẹ̀gùn ni."

"Àtẹ̀gùn náà ni lóòótọ́, Màmá. Okùn ni mo fẹ́ fi bò ó."

"Okùn yẹn, má jẹ̀ẹ́ kó pọ̀ jù. Yóò ká jọ."

Okùn etí

Ibí ni ọ̀rọ̀ ti dùn. Mélòó ni okùn náà yóò gùn?

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tó wà ní SS2 jókòó tì mí, ó fi ìka tọ àtẹ̀gùn náà yí ká. Ó ka ojú tó lọ sókè, ojú tó lọ sọ́tùn-ún, títí ó fi yí i po. Ó bá 168 sẹ̀ǹtímítà. Ó mú 22/7, ó sọ ọ́ di ìlọ́po 42, ó bá 132 fún àyíká òbírí gidi. Ó wò mí. "Àǹtí, àtẹ̀gùn yìí ló tóbi jù. Tí ẹ bá hun ún kéékèèké, ṣé kò ní sọ̀ kalẹ̀ sí 132?"

Mo ní kó yà á. Ó sọ ojú kan di ìdajì sẹ̀ǹtímítà: 168. Ká ní òwú kọ̀ọ̀kan ní àtẹ̀gùn tirẹ̀, 168 náà ni. Kò lè sọ̀ kalẹ̀. Gbogbo ibi tó ń gòkè, tí a bá pa wọ́n pọ̀, wọ́n gbọ́dọ̀ jẹ́ 42 lápá ọ̀tún àti 42 lápá òsì. Gbogbo ibi tó ń lọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ gbọ́dọ̀ jẹ́ 42 lókè àti 42 nísàlẹ̀. Ìlọ́po mẹ́rin ìdábùú ni, bó ti wù kí àtẹ̀gùn kéré tó. Ojú lè ṣe àṣìṣe kó sọ pé etí méjèèjì ti di ọ̀kan, ṣùgbọ́n okùn 36 sẹ̀ǹtímítà ṣì wà láàárín wọn. Èyí tí Màmá sọ pé yóò ká jọ gan-an nìyẹn.

Lẹ́yìn náà ni mo fi ọ̀nà kejì hàn án. Mo mú pákó tí mo gé róbótó ní 42 sẹ̀ǹtímítà. Mo fi okùn tó gùn ní 21, ìyẹn ìdajì ìdábùú, tí mo nà kó gún, wọn etí rẹ̀ láti ojú kan sí òmíràn. Ìgbà mẹ́fà ló gbà á yí po géérégé. Tí a bá so ojú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà pọ̀ pẹ̀lú ìlà tó gún, 126 sẹ̀ǹtímítà ni. A pín ọ̀kọ̀ọ̀kan sí méjì, ó di onígun 12, etí rẹ̀ jẹ́ 130.4. Onígun 24 jẹ́ 131.6. Onígun 96 ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kan 132: 131.9.

Onígun 96 yìí ni Archimedes, onímọ̀ ìṣirò ará Syracuse, dúró sí, ní nǹkan bí ọdún 250 ṣáájú ìbí Jésù. Ó ṣe ọ̀kan sínú òbírí, ó ṣe ọ̀kan síta, ó sì fi hàn pé ìgbà tí ìdábùú ń lọ sínú àyíká ju 3 àti 10/71 lọ, kò sì tó 3 àti 1/7. Láti ibẹ̀ ni 22/7 tí a ń lò ní ilé ìwé ti wá.

Kí ló dé tí ìlà ti Archimedes ń sún mọ́ òtítọ́, tí àtẹ̀gùn kò sún mọ́ ọn? Ìdí rẹ̀ ni ibi tí ìlà kọjú sí. Ìlà tó so ojú méjì létí òbírí, bó bá ṣe ń kúrú sí i, ibi tí òbírí kọjú sí ni òun náà ń kọjú sí. Àtẹ̀gùn kò yí ojú rẹ̀ padà rí: òkè tàbí ẹ̀gbẹ́, òkè tàbí ẹ̀gbẹ́, kódà níbi tí òbírí ti ń lọ ní ìdagẹ̀rẹ̀. Ó wà lójú kan náà pẹ̀lú òbírí, ṣùgbọ́n kò bá a rìn lọ́nà kan náà.

Nítorí náà, okùn 132 ni mo gé, mo fi díẹ̀ lé e fún ibi ìsopọ̀. Mo fi abẹ́rẹ́ so ó mọ́ aṣọ ní ojú 24 kí n tó rán an pa. Ó jókòó pẹrẹsẹ, kò sí ibi tó ká, àtẹ̀gùn sì wọ abẹ́ rẹ̀.

Òwú inú rẹ̀

Ohun tó wù mí jù ni pé àtẹ̀gùn tó parọ́ nípa etí kò parọ́ nípa inú. Nígbà tí mo ro gbogbo ojú funfun pọ̀, ó jẹ́ 1,396. Òbírí gidi, tí a bá fi 22/7 ṣírò rẹ̀, ní 1,386 nínú. Ìyàtọ̀ rẹ̀ kò tó ẹyọ kan nínú 100, bí ojú bá sì ń kéré sí i, ìyàtọ̀ náà yóò máa dínkù.

Mo lè gbẹ́kẹ̀ lé e láti mọ òwú tí mo nílò. Ojú kan gba òwú ìbú 8, ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ sẹ̀ǹtímítà kan. 1,396 lọ́nà 8 jẹ́ 11,168 sẹ̀ǹtímítà, ìyẹn nǹkan bíi mítà 112. Mo wọn mítà 130 torí ibi tí òwú ń tẹ̀ lórí òwú àti ibi tó ń yí padà létí. Ó tó, díẹ̀ sì kù.

Ẹ̀yin tí ẹ ń hun àwòrán, tàbí tí ẹ ń fi ìlẹ̀kẹ̀ tò ó, ẹ máa ka ojú fún òwú inú. Fún okùn etí, ẹ má ka ojú rárá.

Èyí tó kàn

Mo yí pákó róbótó yẹn lórí sìmẹ́ńtì ọ̀dẹ̀dẹ̀, pẹ̀lú àmì ṣọ́ọ̀kì létí rẹ̀. Ó yí ẹ̀ẹ̀kan, ó gba 132 sẹ̀ǹtímítà nílẹ̀. Bí a bá wá òbírí tó di ìlà láìsí ìṣirò, òun nìyẹn.

Ṣùgbọ́n ọ̀nà tí àmì ṣọ́ọ̀kì fúnra rẹ̀ gbà nínú afẹ́fẹ́ ni mo fẹ́ hun báyìí. Ó gbéra nílẹ̀, ó gòkè dé 42, ó tún balẹ̀. Sáíkílọ́ìdì ni wọ́n ń pè é. Ní 1658, Christopher Wren, ẹni tó ya àwòrán kíkọ́ ṣọ́ọ̀ṣì St Paul's ní Lọ́ńdọ̀nù lẹ́yìn náà, fi hàn pé ìgbà mẹ́rin gééré ni gígùn rẹ̀ jẹ́ sí ìdábùú òbírí tó yí i jáde. Kò sí 22/7 níbẹ̀ rárá. Lórí pákó mi, 168 sẹ̀ǹtímítà ni, láìlé láìdín. Nọ́ńbà àtẹ̀gùn wa náà ló tún jáde, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀nà méjèèjì kò bá ara wọn tan.

Ó bá òfì mi mu: 42 yóò wọ inú ìbú 50, 132 yóò sì lọ sí òòró. Ohun tó wà nínú rẹ̀ jẹ́ ìlọ́po mẹ́ta òbírí, 4,158, nítorí náà òwú funfun yóò gba nǹkan bíi mítà 333 kí n tó fi ti ìtẹ̀ lé e. Àtẹ̀gùn ẹ̀yìn rẹ̀ yóò ka 216, ìyẹn 132 pẹ̀lú 42 ní gígòkè àti 42 ní sísọ̀kalẹ̀. Okùn 168 ni màá gé fún ẹ̀yìn rẹ̀ tó tẹ̀, màá sì gé 132 fún ìsàlẹ̀. Mo ti ra aró, òwú funfun ló kù.