Ta ló di aago mú?

Ẹ̀yin àbúrò mi, ó pé ọdún 10 lóṣù yìí tí mo ti ń kó èèyàn rìn lórí òkè àti nínú igbó tí mọ́tò kì í dé. Mo wo ẹrù tí ẹ dì lọ́sẹ̀ tó kọjá, inú mi bàjẹ́. Máàpù, omi, tọ́ọ̀ṣì, fèrè: ẹ mọ ìwọ̀nyẹn. Ohun mẹ́ta ni mo fẹ́ sọ.

Èkíní, ẹ ṣírò ìrìn yín: wákàtí 1 fún kìlómítà 5, ẹ tún fi wákàtí 1 kún un fún gbogbo mítà 600 tí ẹ bá gùn. Ibẹ̀ lẹ ti máa mọ aago tí ẹ gbọ́dọ̀ yí padà.

Èkejì, aṣọ òwú. Bí òjò bá ti pa á, kò gbóòru mọ́.

Ẹ̀kẹta, aago tí ẹ bá dá láti yí padà, ẹ má ṣe kọjá rẹ̀. Ẹ gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀ lọ́dún kejì tí mo bẹ̀rẹ̀ ìrìn yìí, àwa mẹ́rin la jọ gun òkè. A ti fẹnu kò pé bó bá ti di aago 1 ọ̀sán, ibi yòówù ká dé, a ó padà. Aago 1 lù. Ẹ̀gbọ́n tó ń ṣáájú wa ní, "Ó ku díẹ̀." Mo dákẹ́, torí ó jù mí lọ. Aago 3 kọjá ká tó dórí òkè, òjò dé, atẹ́gùn dé. Kì í ṣe pé yìnyín bọ́ o! Àbúrò tó kéré jù wọ tíṣáàtì òwú àti jíǹsì. Ó ń gbọ̀n. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọsẹ̀, kò lè fa sípù, ọ̀rọ̀ ń lọ́ mọ́ ọn lẹ́nu. Nígbà tó gbọ̀n títí tí kò gbọ̀n mọ́, inú mi dùn, mo rò pé ara rẹ̀ ti móoru. Agbára ara rẹ̀ ló ti tán. Mo fẹ́ máa fi ọwọ́ ra á lẹ́sẹ̀ kó lè móoru. Ẹnì kẹrin wa gbá ọwọ́ mi dànù, ó ní àyà la gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ mú móoru. A bọ́ aṣọ tútù lára rẹ̀, a gbé e sínú àpò ìsùn kan ṣoṣo tí a ní, a fi àpò ẹrù tẹ́ ilẹ̀ fún un, a dì mọ́ ọn títí ilẹ̀ fi mọ́. Ìwé tí mo fi sílẹ̀ nílé, tó sọ ọ̀nà tí a gbà, ló jẹ́ kí wọ́n rí wa.

Ó yè. Ẹ̀gbọ́n yẹn ń sọ káàkiri pé ara ọmọ náà ni kò le. Mi ò tíì dárí jì í, bẹ́ẹ̀ ni mi ò tíì dárí ji ara mi, torí èmi náà rí aago.

Ní Sátidé, ẹni tó kéré jù nínú yín ló máa di aago mú. Bó bá ti ní ó tó, mi ò ní bi í ní ìdí, a ó yí padà lójú ẹsẹ̀.